Wọ́n ní Bàbá jẹ ìjọba lówó: ọ̀rọ̀ yíyọ gbèsè nínú owó ìfẹ̀yìntì òṣìṣẹ́ ìjọba

Bàbá kan wà tí ojúlé wọn kọjú sí tiwa níbí ní Àjàṣẹ́, lápá Oganla. Lọ́jọ́ Àlàmísì tó kọjá, wọ́n rán ọmọ ọmọ wọn sí mi pé kí n jọ̀ọ́ kí n wá bá àwọn ka ìwé kan. Kì í ṣe pé Bàbá ò mọ̀wé o, olùkọ́ ni wọ́n, ó lé lọ́gbọ̀n ọdún tí wọ́n fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ, láti abúlé kan lẹ́bàá Kétu títí dé Pobẹ̀ kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì wálé níbẹ̀rẹ̀ ọdún yìí, àmọ́ ojú ti ń ṣe bàìbàì, wọ́n sì fẹ́ kí ẹlòmíì kà á kí wọ́n lè mọ̀ bóyá ohun tí àwọn rí náà ló wà níbẹ̀. Inú ọ̀rá ni ìwé yẹn wà, wọ́n ti ká a, wọ́n ti tú u, wọ́n tún ti ká a, ojú ibi tí wọ́n ń ká ti fẹ́ẹ́ ya. Bàbá ti fi bíìkì pupa fàlà sábẹ́ ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, bí wọ́n ṣe máa ń fàlà sábẹ́ àṣìṣe ọmọ kíláàsì: trop-perçu.

Trop-perçu, ìyẹn ni pé owó tẹ́ ẹ gbà ju èyí tó tọ́ sí yín lọ. Ohun tí ìwé náà sọ ni pé ọdún 12 kí Bàbá tó fẹ̀yìn tì, wọ́n fún wọn ní échelon kan, ìyẹn ìpele kan lórí àkàbà owó oṣù, kí àsìkò rẹ̀ tó tó, owó oṣù wọn wá fi nǹkan bí 8,000 fárànkì ju bó ṣe yẹ lọ, wọ́n sì ń san án bẹ́ẹ̀ loṣooṣù, kò sẹ́ni tó sọ nǹkan kan. Ẹ fi 8,000 lọ́nà oṣù 12, kẹ́ ẹ tún wá sọ ọ́ lọ́nà ọdún 12, 1,152,000 ló máa bọ́ sí. Òun ni wọ́n fẹ́ máa yọ nínú owó ìfẹ̀yìntì wọn báyìí. Mo kà á tán, Bàbá dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀, wọ́n wá bi mí pé, "Ọmọ mi, ṣé mo jalè ni?"

Ìbéèrè yẹn ò kúrò lọ́kàn mi látìgbà náà, òun ló jẹ́ kí n jókòó kọ èyí, torí ọ̀rọ̀ náà ti di ẹjọ́ káàkiri ayé, bẹ́ẹ̀ àwọn tó kàn jù, àwọn àgbà tó fẹ̀yìn tì àti àwọn opó wọn, ni wọn ò gbọ́ nǹkan kan nípa ẹ̀. Wọ́n á kàn gba ìwé, wọ́n á ní Ọlọ́run ló mọ̀, wọ́n á fọwọ́ sí i.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ ya ọ̀rọ̀ sọ́tọ̀, torí orúkọ kan náà, gbèsè, ni wọ́n fi ń pe àwọn nǹkan tí kò jọra rárá. Ẹni tó yáwó lọ́wọ́ ìjọba láti fi kọ́lé tàbí láti fi ra ọ̀kadà, tó mọ̀ pé òun yá a, tí òun fúnra ẹ̀ fọwọ́ sí i pé kí wọ́n máa yọ ọ́, tó wá fẹ̀yìn tì kó tó san án tán, ìyẹn ò le, owó olówó ni, kó san án. Ẹni tí wọ́n fi owó ìlú sí lọ́wọ́ tó kó o jẹ, ìyẹn náà ò le, àgbà tó jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru igbá rẹ̀ délé, ilé ẹjọ́ ẹ̀ sì wà, níbí ní Bẹ̀nẹ̀ wọ́n dá CRIET sílẹ̀ ní 2018 fún irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀. Ilé ìjọba tún wà pẹ̀lú, ẹni tí wọ́n fún nílé torí iṣẹ́, tó fẹ̀yìn tì tán tí kò kó jáde, tí owó ilé ń gun orí ara wọn. Ọ̀rọ̀ ti Bàbá ò sí nínú gbogbo ìyẹn. Tiwọn ni pé ọ́fíìsì ṣìṣirò, ọ́fíìsì sanwó, Bàbá gbà á bí owó oṣù wọn, wọ́n fi ra oúnjẹ, wọ́n fi san owó ilé ìwé ọmọ, owó ti tán, ẹni tó ṣìṣirò náà lè ti kúrò ní ọ́fíìsì yẹn tipẹ́, wọ́n wá ní kí Bàbá dá a padà. Níbí gan-an ni ìjà wà.

Àwọn èèyàn máa ń bèèrè pé kí ló dé tó jẹ́ ìgbà tí èèyàn bá fẹ̀yìn tì tán ni wọ́n máa ń rí àṣìṣe. Ìdí ẹ̀ ò fara sin. Ní gbogbo ìgbà téèyàn fi ń ṣiṣẹ́, kò sẹ́ni tó ń tú dósíyè ẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀, owó oṣù kàn ń wọlé ni. Ọjọ́ tí wọ́n bá fẹ́ ṣírò owó ìfẹ̀yìntì ni wọ́n máa tó gbé gbogbo ìwé jáde, láti ìwé tí wọ́n fi gbà á síṣẹ́, gbogbo ìgbéga, gbogbo échelon, gbogbo ìgbà tó gba àyè tí kò sì gbowó, wọ́n á wá máa fi ọ̀kan wé ìkejì. Nígbà yẹn, àṣìṣe ogún ọdún á yọjú. Òmíràn tún máa ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ìfẹ̀yìntì gan-an: èèyàn ti kúrò lẹ́nu iṣẹ́, àmọ́ ìwé tí wọ́n ń pè ní certificat de cessation de paiement, tó ń fi hàn pé wọ́n ti dá owó oṣù dúró, ò tíì jáde, owó oṣù á ṣì máa wọlé fún oṣù méjì mẹ́ta, lẹ́yìn náà wọ́n á yọ ọ́ nínú owó ìfẹ̀yìntì. Èyí náà burú díẹ̀ fún ẹni tí kò múra sílẹ̀, ṣùgbọ́n ó yé èèyàn, torí oṣù tí èèyàn ò ṣiṣẹ́ ni. Ohun tí kò yé mi ni ọdún 12.

Ibi tí wọ́n ti ja ìjà yìí títí tó fi ní ojú ọ̀nà ni Íńdíà. Níbẹ̀, tí òṣìṣẹ́ ìjọba bá fẹ̀yìn tì, wọ́n máa ń fún un ní gírátúítì, owó ńlá ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, lẹ́yìn náà owó oṣooṣù á máa wọlé. Gírátúítì yẹn ni ọ́fíìsì máa ń mú, torí ó wà lọ́wọ́ wọn, kò nira, wọ́n á ní kò tíì jáde àfi kí gbèsè kúrò lára ẹ̀. Ní December 17, 1982, kóòtù tó ga jù níbẹ̀ ti sọ nínú ẹjọ́ Nakara pé owó ìfẹ̀yìntì kì í ṣe sàárà, kì í ṣe ohun tí ìjọba ń fi ojú àánú ṣe, ẹ̀tọ́ ẹni tó ti ṣiṣẹ́ ni, títí dòní ọjọ́ yẹn ni àwọn tó ti fẹ̀yìn tì fi ń ṣe àjọ̀dún wọn lọ́hùn-ún. Ní 2013, kóòtù kan náà tún sọ nínú ẹjọ́ ìpínlẹ̀ Jharkhand pé ohun ìní ni owó ìfẹ̀yìntì àti gírátúítì, bí ilé, bí ilẹ̀, ìjọba ò sì lè di í mú àfi tí òfin bá sọ bẹ́ẹ̀, lẹ́tà tí ọ̀gá ọ́fíìsì kan kọ ránṣẹ́ sí ọ̀gá míì kì í ṣe òfin. Mo fẹ́ràn ìdájọ́ yẹn gan-an, torí pé púpọ̀ nínú ohun tí wọ́n fi ń dẹ́rù ba àwọn àgbà, tẹ́ ẹ bá wo ìdí ẹ̀, lẹ́tà ọ́fíìsì lásán ni.

Èyí tí gbogbo èèyàn wá ń tọ́ka sí jù ni ẹjọ́ Rafiq Masih, December 18, 2014. Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ní Punjab ni, ọ́fíìsì ṣìṣirò, wọ́n gba owó tó ju tiwọn lọ, wọn ò purọ́, wọn ò yí ìwé, àṣìṣe ọ́fíìsì ni. Kóòtù ní àwọn ibì kan wà tí ìjọba ò gbọ́dọ̀ gba owó bẹ́ẹ̀ padà: tó bá jẹ́ òṣìṣẹ́ kékeré, tó bá jẹ́ ẹni tó ti fẹ̀yìn tì tàbí tí kò ju ọdún kan lọ mọ́ kó fẹ̀yìn tì, tó bá jẹ́ pé wọ́n ti ń san owó náà fún ohun tó ju ọdún márùn-ún lọ kí wọ́n tó kọ̀wé pé kó dá a padà, tó bá jẹ́ pé wọ́n fi òṣìṣẹ́ náà ṣe iṣẹ́ ipò tó ju tiẹ̀ lọ tí wọ́n sì san owó ipò yẹn fún un, àti ibikíbi tí kóòtù bá ti rí i pé ìnira tó máa bá òṣìṣẹ́ náà ju ẹ̀tọ́ tí ìjọba ní láti gba owó ẹ̀ lọ. Ẹ wo Bàbá wa báyìí, ká ní Íńdíà ni wọ́n wà, wọ́n ti fẹ̀yìn tì, owó náà sì ti lé lọ́dún márùn-ún, ọ̀nà méjì ni wọ́n ti bọ́.

Àmọ́ ẹ má rò pé ó tán síbẹ̀ o. Ní 2016 ẹjọ́ míì dé, ti adájọ́ kan ní Haryana. Òun ti fọwọ́ sí ìwé nígbà tí wọ́n ń fún un lówó oṣù tuntun pé tó bá di pé wọ́n san jù, òun á dá a padà. Kóòtù ní ẹni tó ti fọwọ́ sí irú ìwé bẹ́ẹ̀ ò lè sá sábẹ́ Rafiq Masih, kó san án, àmọ́ kí wọ́n pín in sí oṣooṣù fún ọdún méjì kó má bàa pa á lára. Látìgbà yẹn, ìwé àfọwọ́sí yẹn ni ọ̀pọ̀ ọ́fíìsì níbẹ̀ kọ́kọ́ máa ń wá nínú dósíyè. Mo ń sọ èyí torí ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́ lónìí. Ìwé tí wọ́n bá fi síwájú yín lọ́jọ́ tí inú yín ń dùn pé owó oṣù fẹ́ ga, ẹ kà á dé ìsàlẹ̀, kẹ́ ẹ sì ní kọ́pì ẹ̀ nílé.

Èyí tó wọ̀ mí lákínyẹmí ara jù ni ti olùkọ́ kan ní Kerala, torí bó ṣe jọ ti Bàbá. Ó ti di ọ̀gá ilé ìwé, ó fẹ̀yìn tì ní 1999, wọ́n wá ní ìgbà kan wà tó gba àyè tí kò gbowó, kò sì yẹ kí wọ́n ka àkókò yẹn mọ́ ìgbà tó fi gba àfikún owó oṣù, nítorí náà owó ti pọ̀ jù. Kò purọ́, kò yí nǹkan kan, àwọn fúnra wọn ló ṣìṣirò. Ó gbé e lọ sí kóòtù, ó pàdánù, ó tún gbé e ga sí i, ó tún pàdánù, May 2, 2022 ni kóòtù tó ga jù tó dá a láre. 1999 sí 2022! Ọmọ tí wọ́n bí lọ́dún tó fẹ̀yìn tì ti parí yunifásítì kí ẹjọ́ tó tán. Nínú ìdájọ́ yẹn, kóòtù ṣàlàyé ohun kan tó yẹ kó yé wa dáadáa, pé kì í ṣe torí pé owó àṣìṣe náà jẹ́ ẹ̀tọ́ òṣìṣẹ́ ni àwọn ṣe ní kó má dá a padà, bí kò ṣe kí ìyà má bàa jẹ ẹ́, torí pé òṣìṣẹ́, pàápàá ẹni tí owó oṣù ẹ̀ kéré, gbogbo ohun tó bá wọlé ló ń ná sórí ìdílé ẹ̀, ní ìgbàgbọ́ pé owó òun ni. Tó bá jẹ́ pé òṣìṣẹ́ náà mọ̀ pé àṣìṣe ni tó sì dákẹ́, tàbí òun ló purọ́ tí wọ́n fi san án, tàbí wọ́n tètè rí àṣìṣe náà kò pẹ́ kò jìnnà, kóòtù lè ní kó san án. Ọ̀rọ̀ náà ń wo ọwọ́ ẹni, ṣé ó mọ́.

Lọ́dọ̀ àwọn ará wa ní Nàìjíríà, tẹ́ ẹ bá ti sọdá Ìdí-Ìrókò, inú òfin àgbà orílẹ̀-èdè gan-an ni wọ́n kọ ọ́ sí. Abala 173 nínú òfin 1999 fún òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, abala 210 fún ti ìpínlẹ̀: wọn ò gbọ́dọ̀ di owó ìfẹ̀yìntì mú tàbí kí wọ́n yí i padà lọ́nà tó máa pa ẹni náà lára, àfi bí òfin bá fàyè gbà á dé. Ó dára lórí ìwé, ẹni tó bá sì ní agbẹjọ́rò á rí i lò.

Òfin àwọn Faransé ló kàn wá sí i, torí ọ̀nà tiwọn ni ọ́fíìsì tiwa ń tọ̀, ọ̀rọ̀ tiwọn náà la sì ń lò, trop-perçu, débet (gbèsè tí èèyàn jẹ ìjọba), ordre de recette (ìwé àṣẹ pé kí wọ́n gba owó náà). Nínú òfin ìfẹ̀yìntì wọn, owó ìfẹ̀yìntì tí wọ́n bá fi àṣìṣe san jù, tí ẹni náà ò bá purọ́ tí kò sì fi nǹkan pamọ́, ọdún tí wọ́n rí àṣìṣe náà àti ọdún mẹ́ta tó ṣáájú ẹ̀ nìkan ni wọ́n lè bèèrè. Ti owó oṣù kéré sí i, láti òfin tí wọ́n ṣe ní 2011, ọdún méjì péré ni. Tí ẹni náà bá sì jẹ ìjọba lówó lóòótọ́, ìdá kan nínú márùn-ún owó ìfẹ̀yìntì ni wọ́n lè mú lóṣù, kí ó lè rí nǹkan jẹ. Ẹ gbé ìyẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọdún 12 tí wọ́n fẹ́ kà sí Bàbá lọ́rùn.

Ó wá ku ilé wa. Òṣìṣẹ́ ìjọba ní Bẹ̀nẹ̀ ní àpò tiẹ̀, FNRB, CNSS sì ni ti àwọn tó ń ṣiṣẹ́ fún iléeṣẹ́ aládàáni. Ìwé òfin tó ń darí owó ìfẹ̀yìntì òṣìṣẹ́ ìjọba àti sójà ni òfin 86-014 ti September 26, 1986, wọ́n sì ti tún un ṣe lẹ́yìn náà. Lókè òfin yẹn ni òfin àgbà ti December 11, 1990 wà, abala 22 ẹ̀ sọ pé gbogbo èèyàn ló lẹ́tọ̀ọ́ sí ohun ìní, wọn ò lè gbà á lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni àfi fún ire gbogbo ìlú, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti kọ́kọ́ san ohun tó tọ́ dípò ẹ̀. Lójú tèmi, ohun tí kóòtù Íńdíà sọ ní 2013 yẹ kó rí bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ lọ́dọ̀ wa, owó tí èèyàn ti fi ọgbọ̀n ọdún ṣiṣẹ́ fún, tí wọ́n ti ń yọ ìdá tiẹ̀ sílẹ̀ loṣooṣù, ohun ìní ẹ̀ ni.

Ṣùgbọ́n ohun tó ń pa àwọn àgbà wa ju òfin lọ ni ọjọ́. Tí ọ́fíìsì bá ti ṣe ìpinnu kan tó kàn yín, tí wọ́n sì ti fún yín ní ìwé ẹ̀, oṣù méjì lẹ ní. Kẹ́ ẹ tó lè dé kóòtù, ẹ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ kọ̀wé sí ọ́fíìsì náà tàbí sí ọ̀gá wọn pé kí wọ́n tún un wò, òun ni wọ́n ń pè ní recours gracieux tàbí recours hiérarchique. Tí wọ́n bá dákẹ́ fún oṣù méjì, ìdákẹ́jẹ́ yẹn túmọ̀ sí pé wọ́n kọ̀, ẹ wá tún ní oṣù méjì láti gbé e lọ síwájú adájọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ ìjọba. Ẹni tó bá jókòó sílé fún oṣù mẹ́fà tó ń sọ pé òun á lọ rí ẹnì kan tó mọ ẹnì kan, ilẹ̀kùn á ti padé kó tó dé ibẹ̀, bí ọ̀rọ̀ ẹ̀ ṣe wù kó tọ́ tó. Àwọn kan tún wà tó máa ń dúró lẹ́nu ọ̀nà ọ́fíìsì, wọ́n á ní Bàbá ẹ mú 50,000 wá, a máa bá yín pa á rẹ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fún wọn. Lẹ́tà tí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí ló lágbára.

Báǹkì náà ò gbọ́dọ̀ kàn fọwọ́ sówó yín torí ẹ jẹ ẹ́. Lábẹ́ òfin OHADA, òfin òwò tí àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà kan jọ ń lò, tí Bẹ̀nẹ̀ náà wà nínú ẹ̀, ẹni tó bá fẹ́ mú nínú owó oṣù èèyàn gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ jẹ́ kí adájọ́ pe àwọn méjèèjì jókòó, bóyá wọ́n á lè bá ara wọn sọ ọ́. Ti ẹni tó bá fọwọ́ sí i fúnra ẹ̀ pé kí wọ́n máa yọ ọ́ yàtọ̀.

Lálẹ́ ọjọ́ Sátidé a jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ Bàbá, Ìyá gbé àtùpà sáàárín, a kọ lẹ́tà náà. A ò bú ẹnikẹ́ni. A bèèrè nǹkan mẹ́rin: kí wọ́n fún wa ní ìṣírò oṣù kọ̀ọ̀kan, kì í ṣe àpapọ̀ nìkan, kí wọ́n sọ abala òfin tí wọ́n dúró lé, kí wọ́n sọ bóyá Bàbá ló fi ìwé èké gba échelon yẹn tàbí ọ́fíìsì ló fún wọn, kí wọ́n má sì yọ kọ́bọ̀ títí wọ́n á fi dáhùn. Nísàlẹ̀, a kọ pé tó bá tiẹ̀ di pé wọ́n máa yọ nǹkan, kí wọ́n wo ọjọ́ orí Bàbá àti oògùn ìfúnpá tí wọ́n ń rà loṣooṣù, kí wọ́n pín in kéékèèké. Bàbá ní kí n kà á sókè lẹ́ẹ̀mejì. Wọ́n wá gbà á lọ́wọ́ mi, wọ́n gbé e súnmọ́ àtùpà, wọ́n mú bíìkì pupa wọn, wọ́n fi àmì sórí ọ̀rọ̀ méjì tí mo gbàgbé láti fi accent sí, wọ́n ní kí n tún un kọ, torí olùkọ́ ò lè fi irú ìwé bẹ́ẹ̀ ránṣẹ́.

Lọ́jọ́ Mọ́ńdè a gbé e lọ, kọ́pì méjì. Obìnrin tó wà lẹ́nu fèrèsé gba ọ̀kan, ó lu òǹtẹ̀ sí èkejì, ó kọ dẹ́ètì sí i, ó dá a padà fún wa. Bàbá ò fi ìyẹn sínú ọ̀rá. Wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri pálọ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ kàlẹ́ńdà, wọ́n sì yí róbótó pupa sí ọjọ́ tí oṣù méjì máa pé.